Ìró Màámi Kì Í Tú

Ní àdúgbò wa ní Ọ̀yọ́, bí ìró obìnrin kan bá tú lójú ọ̀nà, ohun tí àwọn ará ibẹ̀ máa ń sọ fún un ni pé, "Lọ kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ Ìyá Mùfútáù." Ìyá Mùfútáù ni Màámi. Mo ti rí i rí tó gbé igbá ẹ̀kọ rù, tó pọn ọmọ aládùúgbò, tó tún ń sáré lé ewúrẹ́ tó jí ẹ̀kọ rẹ̀ gbé, síbẹ̀ ìró ìdí rẹ̀ kò mira. Kì í so ọ̀já lé e, kì í fi pín-ìn kọ́ ọ. Ọwọ́ ọ̀tún, ọwọ́ òsì, ó fi igun aṣọ há ẹ̀gbẹ́, ó parí. Ó máa ń sọ fún mi pé obìnrin tí kò bá mọ ìró í ró, kí ó jókòó sílé.

Ọjọ́ tí mo ń tẹ̀lé ọkọ mi lọ sí Zaria, Màámi kò sunkún. Ó wọ yàrá lọ, ó bọ́ ìró tó ró láti àárọ̀, ó ró òmíràn, ó ká èyí tó bọ́ náà, ó sì gbé e lé mi lọ́wọ́. Ó ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́. Ànkárá aláwọ̀ aró ni, òdòdó pupa kéékèèké wà lára rẹ̀. Ó ní, "Èyí ni wàá fi máa pọn ọmọ. Wọ́n ní ọyẹ́ ibẹ̀ kì í ṣeré." Mo kúnlẹ̀, ó ṣàdúrà sí mi lórí, ó ní kí n dìde kí mọ́tò má baà fi wá sílẹ̀. Ìyẹn náà ni gbogbo rẹ̀. Nílé tiwa, a kì í dì mọ́ra. Ẹni tó bá fẹ́ràn rẹ yóò bi ọ́ bóyá o ti jẹun.

Àwọn kan yóò ní Zaria kì í ṣe ìdálẹ̀, pé Nàìjíríà kan náà ni. Mo gbà fún wọn. Àmọ́ kí wọ́n lọ jí níbẹ̀ ní àárọ̀ ọyẹ́, nígbà tí epo pupa ti dì bí ọṣẹ nínú ìgò, tí ètè wọn ti là, tí omi ìwẹ̀ ń ta wọ́n lára bí ìgbà tí a bínú sí wọn. Lọ́jọ́ kìíní tí mo lọ sí ọjà, obìnrin tó ń ta tòmátì kí mi ní Hausa. Ó bèèrè ilé, ó bèèrè iṣẹ́, ó bèèrè àárẹ̀, ó bèèrè òtútù. "Lafiya" nìkan ni ọkọ mi ti kọ́ mi, pé ó túmọ̀ sí àlàáfíà, nítorí náà mo ń dá a lóhùn "lafiya, lafiya." Nígbà tó tún bi mí pé èló ni mo fẹ́ san, mo dáhùn pé "lafiya." Obìnrin náà rẹ́rìn-ín títí, ó fi èènì lé e fún mi. Mo gbé tòmátì mi, mo sì sunkún délé.

Sabon Gari, àdúgbò àwọn àlejò, ni ọkọ mi gba ilé sí. Ilé ìkẹ́rùsí kan ní Chikaji ló ti ń ṣiṣẹ́. Wọ́n ti sọ fún mi pé Yorùbá pọ̀ ní Sabon Gari, irọ́ sì kọ́. Àwọn ará Ìlọrin àti Ọ̀yọ́ ti ń tajà níbẹ̀ kí wọ́n tó bí bàbá mi. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ ni pé èèyàn lè wà láàárín àwọn èèyàn rẹ̀ kí ó má lẹ́ni tí yóò bá sọ̀rọ̀ òfófó. Ọ̀rọ̀ òfófó nílò ìtàn, èmi kò sì ní ìtàn kankan níbẹ̀.

Mo ríṣẹ́ sí Dakace, ní ilé iṣẹ́ kékeré kan tó ń ṣe omi inú ọ̀rá. Iṣẹ́ mi ni kí n máa kó omi náà sínú àpò ńlá. Gbogbo àwọn obìnrin tí a jọ ń ṣe é, Hausa ni wọ́n ń sọ, ẹ̀rín wọn sì pọ̀. Bí wọ́n bá rẹ́rìn-ín, èmi náà á rẹ́rìn-ín, kí wọ́n má baà rò pé mo ń gbéraga. Ọjọ́ ayọ̀ mi ni ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín kí àwọn yòókù tó rẹ́rìn-ín, torí pé mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ náà fúnra mi. Ọ̀gá wa ni wọ́n fi ń ṣe yẹ̀yẹ́. Mo délé, mo sọ ọ́ fún ọkọ mi, kò pa á lẹ́rìn-ín rárá, àmọ́ inú mi dùn títí ilẹ̀ fi ṣú.

Ẹni tó mú kí n ní ìtàn ni Hàjíyá Ràbí, tí ilẹ̀kùn rẹ̀ kọjú sí tiwa. Ará Ìlọrin ni bàbá rẹ̀, ṣùgbọ́n Sabon Gari ni wọ́n bí òun sí. Ó gbé kòsé gbígbóná wá kí mi, àkàrà tiwa náà ni, ó sì jókòó láìjẹ́ pé mo ní kó jókòó.

"Màmán Sàfíyà, sànnú," ó wí. A ṣẹ̀ṣẹ̀ bí Sàfíyà, àkọ́bí mi, nígbà náà. "Wọ́n ní ará ilé ni ọ́. Kai, Yorùbá rẹ mọ́ o. Tiwa ti dàlú mọ́ Hausa. Nínú ìlú yìí, Bàyárábíyà ni wọ́n ń pè mí, pé Yorùbá ni mí. Bí mo bá lọ sí Ìlọrin, wọ́n á ní Gàmbàrí dé. To, níbo ni kí n lọ? Mo kúkú jókòó ti maṣíìnì mi."

Iṣẹ́ rẹ̀ ni aṣọ rírán. Maṣíìnì àfọwọ́yí kan wà lórí ẹní rẹ̀, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sì kún fún àtàm̀pà, bí wọ́n ṣe ń pe ànkárá níbẹ̀. Mo máa ń pọn Sàfíyà lọ jókòó tì í pẹ̀lú aṣọ Màámi, mo ń wo bí abẹ́rẹ́ ṣe ń jẹ aṣọ lọ. N kò ní i lọ́kàn láti kọ́ ọ. Ọ̀rọ̀ ni mo wá gbọ́.

Ọjọ́ Àìkú ni ọjọ́ Màámi lórí fóònù. Bó bá ti àsàlátù dé, níbi tí òun àti àwọn obìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń ṣàdúrà ní mọ́sálásí, ó máa pè. Òun ló máa ń gbé orin fún wọn níbẹ̀, nítorí náà ohùn rẹ̀ á ti ha díẹ̀. Síbẹ̀ ó máa ń pariwo. Ó gbà pé bí Zaria ṣe jìnnà tó ni òun gbọ́dọ̀ pariwo tó. Nígbà tí Sàfíyà bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, mo máa ń fún un ní fóònù, á sì kí ìyá àgbà rẹ̀ ní Hausa, "Kaka, ina wuni?" Màámi á ní, "Kí ló wí? Ṣé ebi ń pa á ni?" Màá túmọ̀ rẹ̀. Màámi á ní, "Òun náà ń kọ́? Sọ fún un pé mo ní òun náà ń kọ́?" Bí wọ́n ṣe máa ń kí ara wọn nìyẹn, èmi ni mo wà láàárín.

Oyún kejì mi ti wọ oṣù ìbímọ nígbà tí àrùn rọpárọsẹ̀ kọlu Màámi, tó ṣubú. Wọn kò gbà kí n rìnrìn àjò. Mo bímọ, mo ń tọ́jú ìkókó, mo ń fi fóònù ṣàìsàn pẹ̀lú ìyá mi. Ọlọ́run ṣàánú. Ẹnu tó wọ́ padà sípò, ẹsẹ̀ gbà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Ọwọ́ òsì nìkan ni kò gbọ́ ti ẹnikẹ́ni mọ́. Ó ní, "Ọwọ́ òsì kúkú ni. Ṣé òun ni mo fi ń jẹun ni?" Ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo lórí fóònù, mo sì rò pé gbogbo rẹ̀ ti parí.

Ṣùgbọ́n mo ṣàkíyèsí pé ohùn rẹ̀ kì í ha mọ́ ní ọjọ́ Àìkú. "Ṣé ẹ lọ sí àsàlátù, Màámi?" "Ó rẹ̀ mí." Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀lé e, ó ní òjò ti ṣú, bẹ́ẹ̀ inú ẹ̀ẹ̀rùn la wà. Ọ̀sẹ̀ mìíràn, ó ní orin tí wọ́n ń kọ níbẹ̀ kò dùn mọ́. Ẹ̀rù bà mí. Mo pe Sìdí, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi Mùfútáù, tí òun àti Màámi jọ ń gbélé. Ìdílẹ̀kẹ̀ ni Sìdí máa ń pè mí, nítorí wọ́n ti bí mi kí ó tó wọlé wa, ìyàwó kì í sì í pe ọmọ ilé lórúkọ.

"Ìdílẹ̀kẹ̀," ó wí, ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀, "ẹ má sọ pé ẹnu mi lẹ ti gbọ́ ọ. Màámi ò lè ró ìró mọ́. Ọwọ́ kan ò gbé e. Mo ní kí n máa bá wọn ró o, wọ́n ní ṣé ìkókó ni àwọn ni. Lọ́jọ́ kan, wọ́n ró o fúnra wọn, wọ́n lọ. Ó tú ní ẹnu ọ̀nà mọ́sálásí. Yẹ̀rì wà nínú o, àmọ́ àwọn ọmọ kéú rẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ náà, wọn ò kọjá ẹnu ọ̀nà ilé."

Mo gbé fóònù sílẹ̀. Inú mi bàjẹ́ ju ti ọjọ́ tí wọ́n ní ó ṣubú lọ. Ìyá mi, tí ìró rẹ̀ kì í tú, jókòó sílé bí obìnrin tí kò mọ ìró í ró.

Bùọ̀dá Mùfútáù ti ra síkẹ́ẹ̀tì kan fún un ní ọjà. Màámi wò ó, ó ní aṣọ àwọn tíṣà ọmọdé ni, ó fi ta ọmọ aládùúgbò lọ́rẹ. Síkẹ́ẹ̀tì náà fún Màámi lẹ́sẹ̀, ó mú un nídìí, kò sì dé kókósẹ̀. Mo ronú kan síkẹ́ẹ̀tì mìíràn, èyí tí mo ti rí tí Hàjíyá Ràbí ń rán fún àwọn arúgbó: ó fẹ̀ fẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀, rọ́bà ló wà nídìí rẹ̀, ó sì ń fẹ́ lẹ́lẹ́ bí wọ́n bá ń rìn nínú rẹ̀. Ọwọ́ kan tó láti fà á wọ̀. Mo sọ fún Hàjíyá pé mo fẹ́ kọ́ ọ. Ó ní òun á bá mi rán an. Mo ní rárá, ọwọ́ mi ni mo fẹ́ fi rán an, nítorí ọwọ́ mi náà ni kò sí níbẹ̀ nígbà tí ó ṣubú. Ó wò mí, ó sún kúrò nídìí maṣíìnì.

"To. Rán tìrẹ ná. Ẹni tí yóò dáṣọ fún ìyá, ká wo tọrùn rẹ̀."

Mo ra ànkárá tí kò wọ́n, mo fi téèpù wọn ìbàdí mi dáadáa, mo gé aṣọ náà bí ìbàdí ṣe wí, mo ran ẹ̀gbẹ́ méjèèjì pọ̀, mo fi rọ́bà sí i. Ojú rírán rẹ̀ wọ́ bí ipa ejò, ṣùgbọ́n síkẹ́ẹ̀tì ni. Mo kó sínú rẹ̀. Ó gun orúnkún, ó gun itan, ó dé ìdí, ó dúró. Mo fà á, mo fò sókè, mo dùbúlẹ̀ lórí ẹní, mo tún fà á. Rọ́bà fẹ́ nà, aṣọ kọ̀ fún un. Hàjíyá Ràbí di ògiri mú fún ẹ̀rín.

"Wayyo! Màmán Sàfíyà, ọ̀nà wo lo fẹ́ kó gbà? Ìdí ni kí o wọ̀n, kì í ṣe ìbàdí. Ibi tó fẹ̀ jù lára ni aṣọ ń gbà kọjá. Bí ó bá ti gba ibẹ̀ kọjá tán, rọ́bà á wá bá ọ mú ìbàdí."

Bí mo ṣe kọ́ ọ nìyẹn. Ẹ̀yin tí ẹ bá fẹ́ gbìyànjú rẹ̀ nílé, ẹ má ṣe bí tèmi. Ẹ wọn ìdí, kí ẹ sì jẹ́ kí aṣọ fẹ̀ tó ìlọ́po méjì rẹ̀, tàbí kí ó dín díẹ̀; fífẹ̀ rẹ̀ ló ń mú kó fẹ́ lẹ́lẹ́. Ẹ wọn gígùn láti ìbàdí dé ibi tí ẹ fẹ́ kó dé, kí ẹ fi ibi tí ẹ máa ṣẹ́ lókè àti nísàlẹ̀ kún un. Ẹ da ojú aṣọ kọ ojú, ẹ ran ẹ̀gbẹ́ pọ̀. Ẹ ṣẹ́ òkè rẹ̀ wálẹ̀ kí ó fẹ̀ ju rọ́bà lọ díẹ̀, ẹ ràn án yípo, ṣùgbọ́n kí ẹ fi ẹnu kékeré sílẹ̀ láìrán. Ẹnu yẹn ni ẹ máa ti rọ́bà bọ̀, pẹ̀lú pín-ìn lórí rẹ̀ kí ọwọ́ yín lè máa mọ ibi tó dé. Ẹ má dí ẹnu náà títí ẹni tó ni aṣọ yóò fi wọ̀ ọ́ wò. Hàjíyá tẹnu mọ́ èyí gan-an. Ó ní aṣọ tí a dí lẹ́nu kí olówó rẹ̀ tó wọ̀ ọ́, ìjà ló ń dá sílẹ̀.

Síkẹ́ẹ̀tì kejì wọ̀ mí. Mo fi rìn yípo àgbàlá, ó ń fẹ́, Sàfíyà ń sáré tẹ̀lé mi, ó ń pariwo "Mama, kin yi kyau!" pé mo rẹwà. Ó kù kí n rán ti Màámi. Ibẹ̀ ni mo ti ṣe àṣìṣe tó fẹ́ ba gbogbo rẹ̀ jẹ́.

Mo mọ̀ pé bí mo bá ní kí Màámi jẹ́ kí wọ́n wọn òun, kò ní gbà. Nítorí náà mo pe Sìdí, mo ní kí ó bá mi wọ̀n ọ́n lọ́sàn-án nígbà tó bá sùn, kí ó rọra ṣe é. Sìdí kò ní téèpù. Ó ya etí aṣọ funfun kan, gígùn gbọọrọ, ó sì lọ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ ti ẹní Màámi. Ó tẹ́ aṣọ funfun náà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, láti ìbàdí lọ sí kókósẹ̀. Màámi la ojú.

Mùsùlùmí kì í bèèrè ohun tí aṣọ funfun ń wá lára ẹni tó dùbúlẹ̀ gbọọrọ. Likafáni ni, aṣọ tí a fi ń sin òkú. Màámi figbe ta, agbo ilé pé. "Ẹ gbà mí! Wọ́n ti ń wọn likafáni mi! N ò tíì kú o! Sìdí, ta ló rán ọ?" Ẹ̀rù ba Sìdí, ó ní Ìdílẹ̀kẹ̀ ni.

Màámi pè mí nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Kì í ṣe ọjọ́ Àìkú, kò sì pariwo. Ó rọra sọ̀rọ̀ bí ẹni tó wà nítòsí. "O ò rí àyè wá wò mí láàyè," ó wí, "o wá rán wọn kí wọ́n wọ̀n mí sílẹ̀." Mo ní, "Màámi, ẹ jọ̀ọ́, síkẹ́ẹ̀tì ni," ṣùgbọ́n ó ti pa fóònù. Ọjọ́ Àìkú dé, kò pè. Mo pè é, kò gbé e. Bùọ̀dá Mùfútáù bá mi bẹ̀ ẹ́, Màámi ní kí ó dákẹ́ ẹnu rẹ̀.

Àwọn ọ̀sẹ̀ wọ̀nyẹn ni Zaria jìnnà jù. Kí ó tó dìgbà náà, mo rò pé ilé ni ibi tí mo ti kúrò, tí mo lè padà sí bó bá wù mí. Mo wá rí i pé ohùn kan ló gbé ilé náà dúró. Nígbà tí ohùn náà dákẹ́, n kò ní Ọ̀yọ́ mọ́, bẹ́ẹ̀ ni n kò tíì ní Zaria.

Mo sọ fún Hàjíyá Ràbí. Ó kọ́kọ́ gbá àyà mú, ó ní, "Innalillahi!" Lẹ́yìn náà, ẹ̀rín gbé e, omi bọ́ lójú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó rí ojú mi, ó nu tirẹ̀.

"Haba, má sunkún mọ́," ó wí. "Ṣé o rí àwọn obìnrin Birnin, nínú ìlú àtijọ́ níbẹ̀? Púpọ̀ nínú wọn kì í jáde, wọn kì í sì í jẹ́ kí télọ̀ wọn àwọn. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń ránṣọ fún wọn, àwọn kan wà tí n ò mọ ojú wọn títí di òní. Aṣọ tí wọ́n ti wọ̀ gbó ni wọ́n ń fi ránṣẹ́. Aṣọ tí èèyàn ti wọ̀ rí mọ ara rẹ̀, wallahi. Ní kí wọ́n fi aṣọ rẹ̀ kan ránṣẹ́ sí ọ."

"Ta ni yóò bá mi mú un? Sìdí ò jẹ́ sún mọ́ àpótí Màámi mọ́."

Hàjíyá na ọrùn. Ẹ̀yìn mi ló ń wò. Ìkókó mi ń sùn níbẹ̀, nínú ànkárá aláwọ̀ aró olódòdó pupa.

A gbé ọmọ náà sílẹ̀, a tẹ́ aṣọ náà sórí ẹní. Láti ọjọ́ tí mo ti bí Sàfíyà ni mo ti ń fi pọn ọmọ, n kò wò ó rí. Nítòsí etí òkè, ilà kan lọ gbọọrọ níbi tí àwọ̀ ti ṣí. Ibẹ̀ ni Màámi máa ń ṣẹ́ ẹ sí bó bá ń ró o. Etí ìsàlẹ̀ ti gbó níbi tó máa ń kan ilẹ̀. Láti ilà yẹn dé etí yẹn, gígùn Màámi ni. Igun kan sì wà tó ti rọ̀ jù, tó ti fẹ́ lu. Igun tí ó máa ń há ẹ̀gbẹ́ ni. Mo gbé igun náà sí ẹnu, mo sunkún sínú rẹ̀, Hàjíyá sì ń ṣe bí ẹni tó ń wá òwú.

Kò sí ohun tí a gé. Fífẹ̀ rẹ̀ ti tó, nítorí ìró máa ń yí obìnrin po, á sì tún ṣẹ́ kù. Mo da ojú kọ ojú, mo ran etí méjèèjì pọ̀. Mo ṣẹ́ òkè rẹ̀ síbi ilà tirẹ̀ gan-an, mo ràn án yípo. Mo gbé igun rírọ̀ náà sínú ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún, mo fi ṣe àpò kékeré fún tẹ̀sùbáà rẹ̀. Rọ́bà nìkan ni n kò mọ bí mo ṣe máa wọ̀n. Wọ́n máa ń sọ nílé pé bí èmi àti Màámi bá kọ̀yìn síni, a ò ṣeé dá mọ̀ yàtọ̀ síra. Mo wọn ìbàdí ara mi, mo fi rọ́bà náà sí i, n kò dí ẹnu rẹ̀. Pín-ìn ni mo fi kọ́ ọ, kí wọ́n lè fún un tàbí kí wọ́n tú u bó ṣe yẹ.

Ọkọ mi dé, ó bá ọmọ ní ẹ̀yìn mi nínú táwẹ́ẹ̀lì tirẹ̀. Ó ní, "Kí ni èmi á wá fi nura?" Mo ní kí ó jẹ́ kí atẹ́gùn gbẹ ẹ́. Ó rẹ́rìn-ín. Òun náà ló bá mi wá awakọ̀ kan ní Chikaji tó ń kó ẹrù lọ sí Ìbàdàn, tí yóò já a sílẹ̀ fún wọn ní Ọ̀yọ́.

Bùọ̀dá Mùfútáù sọ fún mi pé ó ti dé ọwọ́ Màámi. Ó ní ó gbé e lé ẹsẹ̀, ó ń wò ó. Ọjọ́ Àìkú kan kọjá, fóònù mi kò dún. Òmíràn dé. Mo ń fọ aṣọ ní àgbàlá nígbà tí Sàfíyà sáré gbé fóònù wá.

"TA LÓ WỌ̀N MÍ?"

Mo gbé fóònù jìnnà sí etí. Ohùn rẹ̀ ha. Ó ha dáadáa.

"Kò sẹ́ni tó wọ̀n yín, Màámi. Ìró yín ni mo bi."

 Mo gbọ́ tó ń fa imú. Lẹ́yìn náà ó tún bọ́ sí ariwo. "Mo mọ aṣọ mi! Kí n tó tú u tán ni mo ti mọ̀ ọ́n! Ọwọ́ kan ni mo fi fà á, ó gòkè, ó dúró. Mo ní kí Sìdí máa wò mí o, kí ó má fọwọ́ kan mí. Mo rìn dé mọ́sálásí. Wọ́n ní, Ìyá Mùfútáù, ẹ mà ti dé. Mo ní kí ni ẹ rò? Ìró mi kì í tú!"

Mo ń rẹ́rìn-ín, mo ń sunkún, ọṣẹ wà ní ojú mi.

"Má rẹ́rìn-ín," ó wí. "Pín-ìn tí o fi sí i ń gún mi. O ò parí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ. O fi ẹnu rẹ̀ sílẹ̀ gbayawu, ṣé bí wọ́n ṣe ń ránṣọ níbẹ̀ nìyẹn? Sìdí ní kí òun dí i, mo ní kò gbọdọ̀. Ìwọ lo ṣí i, ìwọ ni wàá wá dí i. Bí o bá dé, màá jẹ́ kí o wọ̀n mí. Ìdúró o! N ò ní í dùbúlẹ̀ fún ẹnikẹ́ni."

A lọ sílé ní ọdún Iléyá. Àwọn ará àdúgbò ní Gàmbàrí dé. Àwọn ọmọ mi sì fi Hausa bá ewúrẹ́ sọ̀rọ̀, ewúrẹ́ gbọ́ ọ. Màámi wo Sàfíyà láti òkè dé ilẹ̀, ó sì sọ ohun tí ó ti ń kọ́ lọ́dọ̀ awakọ̀ kan ní gáréèjì. "Lafiya?" ó wí. Sàfíyà dì mọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, sínú síkẹ́ẹ̀tì náà.

Nígbà tí èrò dínkù, Màámi wọ yàrá, mo tẹ̀lé e. Mo yọ téèpù jáde. Ó dúró sáàárín yàrá, ó gbé apá ọ̀tún sókè. Ti òsì kò gòkè, mo bá a gbé e, mo fi lé èjìká mi. Ó ti rù. Kí téèpù lè gba ẹ̀yìn rẹ̀ kọjá, mo ní láti sún mọ́ ọn, mo na ọwọ́ mi méjèèjì yí i ká, orí mi sì kan àyà rẹ̀. Òórùn òrí àti ọṣẹ dúdú ń bọ̀ lára rẹ̀ bó ṣe máa ń rí. Ọwọ́ mi bá ara wọn lẹ́yìn rẹ̀, téèpù wà láàárín wọn. Ó yẹ kí n fà á bọ̀ síwájú kí n wo ohun tó wí. N kò fà á. Màámi kò sì ní kí n yára.

Lókè orí mi ni ohùn rẹ̀ ti dún.

"Ṣé o ti jẹun?" ó wí.